Omi Ìyè Tí Mo Dà Sínú Ẹ́ńjìnnì

Ẹ̀yin ará ìjọ, mo ní kí Ọláníkẹ́ ọmọ mi máa kọ ohun tí mo bá ń sọ, kó sì kà á sí yín létí lọ́jọ́ Ìsinmi, nígbà tí Dávídì, arákùnrin wa nínú ìjọ, bá wà ní ìjókòó. Dókítà ti sọ ìwọ̀nba ọjọ́ tó kù fún mi. Èmi Adégbọlá, alàgbà yín, mi ò fẹ́ kí ẹ fi sùtánà funfun sin mí lórí irọ́.

Ẹ rántí ẹ́ńjìnnì ọkọ̀ òfuurufú àtijọ́ tó wà ní ilé iṣẹ́ tí mo ti ń ṣọ́ ẹnu ọ̀nà ní River Road nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì níbí. Àwọn Gẹ̀ẹ́sì ló rọ ọ́ lẹ́yìn ogun àgbáyé àkọ́kọ́, ọ̀kọ̀ọ̀kan àwọn sílíńdà rẹ̀ tó korobá. Rahmah tó ni ilé iṣẹ́ náà sọ pé òun ò mọ ibòmíràn tí irú rẹ̀ ṣẹ́ kù sí. Dávídì ni mẹkáníìkì rẹ̀. Èmi ni mo mú un débẹ̀, ó sì fi ọ̀pọ̀ ọdún tún irin yẹn ṣe bí ẹni ń tọ́jú aláìsàn.

Nígbà tí ọjọ́ tí wọ́n máa tàn án pé, mo ti fọ́nnu fún yín ní ṣọ́ọ̀ṣì pé àdúrà mi ló máa jẹ́ kó dún. Ìgbéraga ni, kì í ṣe ìgbàgbọ́. Láàárọ̀, Dávídì tú púlọ́ọ̀gì, ó fọwọ́ yí ẹ́ńjìnnì náà láti mọ̀ pé kò sí omi tàbí epo tó dúró nínú sílíńdà. Kò sí. Ó lọ jẹun. Ẹ mọ̀ pé bí ẹnikẹ́ni nínú wa bá ra mọ́tò, omi ìyè, omi tí a ti gbàdúrà sí, la ó bù wọ́n ọn. Lójú tèmi, wíwọ́n kéré fún irú irin bẹ́ẹ̀. Mo gbé kẹ́ẹ̀gì omi ìyè mi, mo ka Sáàmù, mo sì dà á sí ihò púlọ́ọ̀gì kan títí ó fi tán. Mi ò mọ̀ pé omi kò ṣeé fún pọ̀ bí afẹ́fẹ́ inú sílíńdà. Dávídì padà dé, ó dá púlọ́ọ̀gì padà sí ihò rẹ̀, wọ́n sì tàn án lójú àwọn àlejò.

Àwọn sílíńdà yòókù gbiná, èyí tí omi kún inú rẹ̀ kò lè yí. Irin tó ń ti písítìn lọ sókè sódò nínú sílíńdà náà ṣẹ́, ó lu ikùn ẹ́ńjìnnì já. Nígbà tí wọ́n tú u, omi ni wọ́n bá níbẹ̀, mo sì mọ ohun tí mo ṣe. Dávídì sọ fún Rahmah pé, "I checked it. Ọwọ́ mi ni mo fi yí i." Rahmah wá bi mí. Mo ní mi ò rí i kó yẹ nǹkan kan wò. Wọ́n lé e.

Èyí tó burú jù ṣì ń bọ̀. Dávídì kò yéé wá sílé mi ní Gascoigne, ó ń tún un sọ pé òun yẹ̀ ẹ́ wò, ẹ̀rù sì ń bà mí pé lọ́jọ́ kan yóò rántí kẹ́ẹ̀gì mi. Mo wá sọ fún un pé, "Ó rẹ̀ ọ́ lọ́jọ́ yẹn, o gbàgbé ni. Jẹ́wọ́ níwájú ìjọ, ọkàn rẹ á balẹ̀." Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, tó bá jẹ́ ẹ̀yin lẹ sọ bẹ́ẹ̀, maybe mo gbàgbé lóòótọ́." Ẹ̀yin náà rí i lórí ìkúnlẹ̀, láìwọ bàtà, tó ń sunkún ẹ̀ṣẹ̀ tí kò dá. Èmi ni mo gbé ọwọ́ lé e lórí. Mo tún wọ́n omi ìyè sí i lára, èmi ìkà.

Láti ìgbà náà kò fọwọ́ kan ẹ́ńjìnnì mọ́, ẹrù ló ń kó ní Dagenham. Moṣọpẹ́ ìyàwó rẹ̀ sọ fún mi pé tó bá ti tilẹ̀kùn tán, á padà lọ yẹ̀ ẹ́ wò, á tún padà, torí kò gba ara rẹ̀ gbọ́ mọ́. Dávídì yìí kan náà ló ń wá wẹ̀ mí báyìí. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, bó ṣe ń gé èékánná mi, ó ní kí n bá òun bẹ Ọlọ́run kó mú ìró irin yẹn kúrò létí òun. Mo ṣe àmín.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ohun tí ẹ bá fọwọ́ ara yín ṣe, ẹ má jẹ́ kí àgbàlagbà kankan sọ fún yín pé ẹ ò ṣe é, ì báà wọ sùtánà. Dávídì, mo bẹ̀ ọ́, dárí jì mí. Tí o ò bá lè ṣe é, kò burú, ṣùgbọ́n gbọ́ èyí: o ò gbàgbé. O yẹ̀ ẹ́ wò, kò sì sí omi níbẹ̀.