Ibodè Tí Wọ́n Tì Nínú Eré

Ọkùnrin kan ti ibodè ìlú mọ́ ọ̀rẹ́ rẹ̀ síta, àwọn ọ̀tá sì gé ọ̀rẹ́ náà lápá. Inú eré ló ti ṣẹlẹ̀, èyí tí wọ́n ń ṣe nílé òyìnbó kan ní Fajara, ní orílẹ̀-èdè Gáḿbíà: oníkálùkù á di ẹnì kan nínú ìtàn, á sọ ohun tí òun fẹ́ ṣe, wọn á sì ju dáìsì láti mọ ẹni tó borí nínú ìjà. Ní ìparí àwọn ọdún 1970 ni mo gbọ́ télọ̀ tó ti ibodè àti tíṣà tí wọ́n gé lápá, ọmọ Yorùbá méjèèjì, níbi tí a ti ń dúró de takisí ní Box Bar.

"Eré tuntun la bẹ̀rẹ̀ lánàá," ni télọ̀ wí. "Òùngbẹ gbẹ mí dé kànga, ará abúlé ò fún mi lómi! Wọ́n ní èmi ni mo ti ibodè mọ́ ọ̀rẹ́ mi."

"Ẹ̀yin kọ́ ni?" ni tíṣà bi í.

"Eré ti tẹ́lẹ̀ nìyẹn! Bí lúdò bá parí, ṣé gbogbo ọmọ ayò kì í padà sílé ni?"

"Ẹ̀gbọ́n, ṣé apá mi hù padà lánàá? Ọwọ́ kan ni mo fi jà."

"Dáìsì ló fà á."

"Dáìsì kọ́ ló ti ibodè. Òyìnbó bi yín lẹ́ẹ̀mejì bóyá ẹ fẹ́ tì í. Ọwọ́ yín ló tì í."

Takisí dé, ó kún, ó lọ. Kò sí èyí tó wọ̀ ọ́ nínú àwọn méjèèjì.

"Wọ̀láhì, mi ò mọ̀ pé ohun téèyàn ṣe nínú eré ń tẹ̀lé e," ni télọ̀ wí.

Òyìnbó tó ń darí eré ti sọ ohun tó kàn ní Sátidé: ọ̀tá yóò lé télọ̀ dé ibodè kan náà, ọwọ́ tíṣà ni kọ́kọ́rọ́ yóò wà. Wọn ò ní ju dáìsì.