Ilẹ̀kùn Ilé Rundle Tó Fẹ́rẹ̀ẹ́ Tì

Bàbá, ẹ ṣé o! Ẹ̀yin ará, kí n tó sọ nǹkan kan, ẹ jẹ́ kí n kúnlẹ̀ ná. Ẹ má fà mí dìde, orúnkún ò dùn mí, ọpẹ́ ló wà lọ́rùn mi. Ó dáa, mo ti dìde.

Ẹ mọ̀ mí, Mummy Tèmi ni mí, èmi tí mo máa ń pariwo jù nínú choir. Àdúgbò Taradale ni èmi, ọkọ mi àti Tèmi ọmọ wa ń gbé, nínú basement, yàrá abẹ́ ilé. Mi ò bú basement o, òun ni Ọlọ́run fi bò wá láṣìírí nígbà tí a kọ́kọ́ dé Calgary ní Canada níbí. Ṣùgbọ́n fèrèsé wa kò ju páálí bàtà lọ. Tí snow bá ti bò ó, ó parí. Ìyá mi máa ń pè mí lórí video láti Ìjẹ̀bú-Igbó, wọ́n á ní, "Gbé fóònù yẹn sókè kí n rí ìta yín." Ìta wo? Màá gbé e sókè, wọ́n á wò ó títí, wọ́n á ní, "Ṣé ògiri nìyẹn?" Ọ̀rọ̀ yẹn máa ń dùn mí wọ egungun. Ó wù mí kí ìyá mi wá sọ́dọ̀ mi, kí n fi wọ́n sí yàrá tí oòrùn ń wọ̀. Ó wù mí débi pé mo máa ń lọ wo curtain ní ṣọ́ọ̀bù Sunridge, èmi tí mi ò ní window! Màá kàn fọwọ́ pa á, màá padà sílé.

Ni ẹ̀gbọ́n kan, ọmọ ìlú ọkọ mi, bá ní àwọn fẹ́ ta ilé àwọn ní àdúgbò Rundle. Ilé kékeré ni, igi crabapple kan wà lẹ́yìn rẹ̀. A kọ agreement, gbogbo wa fọwọ́ sí i, a san àsansílẹ̀, bank náà ti gbà láti yá wa lówó. Mo ti yan yàrá Màámi. Àfi bí ilé ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í gbówó lórí. Ọjọ́ birthday Tèmi ni ẹ̀gbọ́n wá sí basement wa, wọ́n jẹ cake tán, wọ́n nu ẹnu, wọ́n ní, "Àbúrò, ẹ má bínú, mi ò ta ilé yẹn mọ́." Cake tí mo fọwọ́ ara mi ṣe!

Ọkọ mi fẹ́ràn àlàáfíà. Wọ́n ní a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́, ká gbé e lọ bá àwọn àgbà ìlú wọn tó wà ní Calgary. Àwọn àgbà ní, "Ẹ fi sílẹ̀ fún wa." A fi sílẹ̀. Wọ́n ṣe ìpàdé ní àdúgbò Cranston, wọ́n jẹ jollof. Wọ́n tún ṣe òmíràn, wọ́n tún jẹun. Ẹ̀gbọ́n á ní àwọn ti gbọ́, àwọn á rò ó. Àwọn àgbà á ní ká ṣì ní sùúrù. Snow yọ́, òmíràn tún já bọ́. Tèmi á ní, "Mummy, are we still moving to the house with the tree?" Màá ní, "Soon." Màá wọ bathroom lọ sunkún.

Mo ń gbààwẹ̀ kí Ọlọ́run mú ọkàn ẹ̀gbọ́n rọ̀. Wednesday kan, Pastor gbé prayer point dìde: "Ilẹ̀kùn mi tó fẹ́ tì, Olúwa, jẹ́ kí n tètè wọlé!" Ẹ̀yin náà wà níbẹ̀. Mo la ẹnu kí n gbàdúrà, ọ̀rọ̀ yẹn gbá mi mú. Tètè kẹ̀? Ta ló sọ fún mi pé àkókò ṣì pọ̀? Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, mo pe lọ́yà.

Lọ́yà, obìnrin òyìnbó kan, ka agreement wa, ó ní kò sí wàhálà lára rẹ̀. Ó wá bi mí pé ìgbà wo gan-an ni ẹ̀gbọ́n sọ pé àwọn ò tà mọ́. Mo ní ọjọ́ birthday ọmọ mi, kì í ṣe èyí tó kọjá, èyí tó ṣáájú rẹ̀. Ojú ẹ̀ yí padà. Ó ní ní Alberta níbí, láti ọjọ́ tí o bá ti mọ̀ pé onítọ̀hún kọ̀, ọdún méjì lo ní láti gbé e lọ sí kóòtù. Tó bá ti kọjá, bó ti wù kí agreement rẹ dáa tó, tí onítọ̀hún bá ti lè sọ pé o ti pẹ́ jù, ó tán nìyẹn. Mo ní àwọn àgbà ṣì ń bá wa dá sí i. Ó ní, "Those meetings don't stop the clock," ìpàdé ò dá ọjọ́ dúró. Yéè! Birthday Tèmi tó ti ń kanlẹ̀kùn! Mo ti ra balloon!

Ọkọ mi ní, "Kí ni àwọn ará ìlú máa sọ?" Mo ní, "Daddy Tèmi, ṣé àwọn ará ìlú ló ń gbé basement?" Wọ́n wo fèrèsé wa, wọ́n wọ bàtà, wọ́n lọ gbé mọ́tò. A gbé ẹjọ́ náà dé kóòtù kí birthday tó pé.

Ẹ̀yin ará, nígbà tí lọ́yà ẹ̀gbọ́n rí i pé a ò pẹ́, ẹ̀gbọ́n tí wọn ò gbọ́ràn láti ìpàdé dé ìpàdé, wọ́n gbọ́ o! A ò tilẹ̀ tíì dé iwájú adájọ́ tí wọ́n fi ta ilé náà fún wa ní iye tí a kọ sílẹ̀. Ṣé inú àwọn àgbà dùn? Rárá o. Ìyàwó ẹ̀gbọ́n máa ń wo òkè tí a bá pàdé ní African store. Mo ṣì ń kúnlẹ̀ kí wọn. Ọjọ́ kan wọ́n á dá mi lóhùn.

Ọjọ́ tí a kó wọlé, Màámi pè. "Gbé fóònù yẹn sókè." Mo gbé e sí window. Wọ́n wò ó títí. Wọ́n ní, "Ṣé igi nìyẹn?" Mo ní igi ni, Màámi. Wọ́n ní kí n ṣí fèrèsé kí àwọn gbọ́ bí ìta ṣe ń dún. Òtútù fẹ́ gé mi létí, ṣùgbọ́n mo ṣí i.

Visa wọn ò tíì jáde. Embassy ti kọ̀ ọ́ lẹ́ẹ̀kan, a tún ti fi fọ́ọ̀mù ránṣẹ́. Mo ti tẹ́ bẹ́ẹ̀dì, mo ti so curtain. Àràárọ̀ ni mo máa ń wọ yàrá yẹn, oòrùn á tàn sórí ìrọ̀rí wọn, èmi á sì jókòó tì í, àárò ìyá mi á máa sọ mí.

Nítorí náà ẹ bá mi yọ̀, ẹ fi ògo fún Ọlọ́run tó jẹ́ kí n tètè wọlé. Ṣùgbọ́n ẹ jọ̀ọ́, Halelúyà tí ẹ fẹ́ ké yìí, ẹ pariwo ẹ̀ dáadáa. Màámi wà lórí fóònù lọ́wọ́ mi níbí, wọ́n ń gbọ́ wa. Ẹ jẹ́ kí wọ́n mọ bí àwa tó ń retí wọn ṣe pọ̀ tó.