Èmi Nìkan Ló Gbọ́ Ohun Tó Sọ

Ẹ̀wọ̀n gbére ni wọ́n jù mí sí. Kí wọ́n tó lè gbọ́ ẹ̀bẹ̀ mi pé kí n jáde, irun orí mi á ti funfun, Mọ́mì mi lè má sí láyé mọ́. Mi ò ní kẹ́ ẹ káàánú mi o. Mo pa ọmọ ọlọ́mọ. Lọ́yà mi ní kí n máa pè é ní jàǹbá. Jàǹbá kọ́! Ẹ jẹ́ kí n rò ó bó ṣe rí, torí bí mo bá gbé e sínú, á pa èmi náà.

Peckham nílùú òyìnbó ni wọ́n ti tọ́ mi dàgbà, èmi àti Mọ́mì nìkan, nínú fúláàtì ìjọba kan tí lífíìtì rẹ̀ kì í ṣiṣẹ́. Mọ́mì ń tọ́jú àwọn arúgbó òyìnbó. Tó bá di ọjọ́ Sunday, á wọ sùtánà funfun rẹ̀, ó di ṣọ́ọ̀ṣì Aládùúrà. Èmi ń ru bíríkì ní sáìtì. Inú mi máa ń tètè ru. Mọ́mì á ní, "Ìwọ ọmọ yìí, ìbínú ò da nǹkan o!" Èmi á ní, "Mọ́mì, ẹ fi mí sílẹ̀ jàre."

Lọ́jọ́ kan, níbi tá a ti ń jẹun ọ̀sán, káfíńtà kan ṣí kúlà oúnjẹ mi, ó dimú, ó ní kí ló ń rùn báyìí. Ẹ̀ṣẹ́ kan péré ni mo fún un, ó fìdí jókòó sílẹ̀. Mo ti rò pé iṣẹ́ bọ́ nìyẹn. Àfi bí ọ̀gá wa, bàbá ará Ireland kan tó ń jẹ́ Dónálì, ṣe bú sẹ́rìn-ín.

"Ta ló kọ́ ọ?"

"Kò sẹ́ni tó kọ́ mi, sà."

Ló bá fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ó ní ebi ló lé àwọn baba ńlá òun wọ ọkọ̀ ojú omi lọ sí Amẹ́ríkà, wọ́n sì débẹ̀, kò sẹ́ni tó fẹ́ gbà wọ́n síṣẹ́. Ó ní ọwọ́ lásán ni wọ́n fi ń jà létí odò, níbi tí ọlọ́pàá ò lè dé, àwọn tó ń tutọ́ sí wọn lára lánàá á wá gbé wọn sí èjìká lónìí. "Ẹ̀ṣẹ́ ló sọ wá dèèyàn níbẹ̀," ó ní. "Ìwọ náà, ta ló kà ọ́ sí níhìn-ín? Wá."

Ọ̀rọ̀ yẹn wọ̀ mí lára. Kò tíì sẹ́ni tó sọ fún mi rí pé mo lè jẹ́ nǹkan kan. Ibẹ̀ ni mo ti ṣìnà.

Àárọ̀ ọjọ́ Sunday ni wọ́n ń jà, lẹ́yìn ilé ìkẹ́rù kan tó ti dahoro lápá Deptford. Kò sí ìbọ̀wọ́, kò sí agogo. A kì í lu ẹni tó bá ti ṣubú. Dónálì ló máa ń dúró láàárín. Òfin tó ga jù ni pé ìjà ò parí àfi tẹ́nì kan bá fi ẹnu ara rẹ̀ sọ pé òun gbà. Èmi ò sọ ọ́ rí. Wọ́n á mú mi lọ sí New Cross, wọ́n á ra ọtí fún mi, wọ́n á máa pè mí ní ṣáńpíọ̀nù. Mo parọ́ fún Mọ́mì pé ṣíìfù Sunday ni mò ń ṣe. Á di ọwọ́ mi tó wú mú, á gbàdúrà sí i pé, "Olúwa, bá mi ṣọ́ ọwọ́ tí ọmọ mi fi ń ṣiṣẹ́." Èmi á ní, "Àmín." Ẹ ò rí ojú ayé!

Nígbà tó yá, wọ́n mú Ṣẹ́gun wá. Kò tíì pẹ́ tó ti Abẹ́òkúta dé, abọ́ ló ń fọ̀ nílé oúnjẹ kan ní Walworth. Bó ṣe gbọ́ pé Yorùbá ni mí, ó tẹ̀ ba níwájú gbogbo wọn, ó fọwọ́ kanlẹ̀.

"Ẹ̀gbọ́n, ẹ káàárọ̀ o. Ẹ má ba ojú mi jẹ́ o, mi ò tíì níyàwó!"

Mo rẹ́rìn-ín. "Àbúrò, gbé ọwọ́ sókè jàre."

Ọmọ náà mọ ìjà. Kò pẹ́ tó fi gbá mi lágbọ̀n, mo rí ara mi nílẹ̀. Irú ẹ̀ ò ṣẹlẹ̀ sí mi rí. Àwọn èèyàn bú sẹ́rìn-ín, ẹnì kan ń pariwo pé ṣáńpíọ̀nù ti jókòó. Háà! Ìtìjú bò mí. Mo dìde, mo sì bẹ̀rẹ̀ sí í lù ú. Mo gbá a lójú ọ̀tún, mo gbá a lójú òsì, títí tó fi rọ̀ mọ́ mi lọ́rùn. Dónálì là wá, ó gbọ́wọ́ sókè.

Ṣẹ́gun gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì dáadáa, àmọ́ orí rẹ̀ ti dàrú, èdè ìyá rẹ̀ ló jáde lẹ́nu rẹ̀. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ó tó. Mo gbà fún yín. Mi ò ríran mọ́. Bá a ti ń jà, bíi ká kú kọ́."

Dónálì wò mí. Gbogbo wọn wò mí. "Kí ló wí?"

Tí mo bá ní ó ti gbà, èmi ni mo borí. Kí ni mo tún ń fẹ́? Ẹ̀rín yẹn ló wà létí mi. Ẹ̀ṣẹ́ kan péré sí i ni mo fẹ́, kí wọ́n lè gbàgbé pé ó lù mí ṣubú.

Mo ní, "Ó ní òun ò tíì tán."

"Ṣó dá ẹ lójú?"

"Ó dá mi lójú."

Dónálì sọ ọwọ́ rẹ̀ kalẹ̀. Ṣẹ́gun yíjú sí mi, ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, kì í ṣe..." Mi ò jẹ́ kó parí ẹ̀ tí mo fi gbá a lẹ́ẹ̀kan sí i. Orí rẹ̀ ló fi gba kọnkéré. Kò mira mọ́. Dónálì kúnlẹ̀ tì í, ó ń pariwo mọ́ mi pé, "Kí ni ọmọ yìí sọ? Kí ló sọ?"

Ẹnì kan ti fi fóònù ká gbogbo ẹ̀. Wọ́n gbé e sétígbọ̀ọ́ gbogbo èèyàn ní kóòtù, ohùn Ṣẹ́gun jáde ketekete. Wọ́n pe ìyá ògbufọ̀ kan kó túmọ̀ ẹ̀ fún adájọ́. Kó tó la ẹnu, Mọ́mì mi ti figbe ta lẹ́yìn mi. Òun ò nílò ògbufọ̀.

Mọ́mì ṣì ń wá wò mí. Tẹ́lẹ̀, tí mo bá fi Gẹ̀ẹ́sì dá a lóhùn nílé, àbàrá ni. Ní báyìí, Gẹ̀ẹ́sì nìkan ló ń bá mi sọ, bó ṣe ń bá àwọn arúgbó rẹ̀ sọ ọ́: "How are you? Are you eating?" Mo ní, "Mọ́mì, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi sọ Yorùbá." Ó wo tábìlì. Ó ní, "That boy spoke it to you."

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, mo bẹ̀ yín. Ẹni tó bá ń pè yín ní ṣáńpíọ̀nù nítorí ẹ̀ṣẹ́ yín, ẹ sá fún un. Tí wọ́n bá fi yín rẹ́rìn-ín, ẹ jẹ́ kí wọ́n rín in, ẹ̀rín kì í pààyàn. Tí ẹni tẹ́ ẹ ń bá jà bá sì ní kẹ́ ẹ dákun, ẹ dákun. Gbólóhùn kékeré ni wọ́n fẹ́ gbọ́ lẹ́nu mi lọ́jọ́ yẹn: "Ó ní ó tó." Ojoojúmọ́ ni mò ń sọ ọ́ sí ògiri yàrá yìí báyìí. Kò sẹ́ni tó ń bi mí mọ́.