Àmín sí Orin Ṣòkòtò

Ojú mi yìí ló rí i nínú tíréènì tó ń lọ sí ìlú Ajax lókè òkun. Ẹni bá ní irọ́ ni, kó jáde. Tọkọtaya àgbà kan fẹ́ lọ tún wo sinimá Lárúbáwá kan tí wọ́n ti wò rí, tí olórin aláwàdà kan wà nínú rẹ̀.

"Àlhájà, má ṣe àmín lónìí o!" ni ọkọ wí.

"Ṣé mo mọ̀ nígbà yẹn? Lárúbáwá tí mo gbọ́ rí, àdúrà ni!"

"Kàírò dàrú, ìbọn ń ró, kálukú wa sá wọ ilé sinimá, a ò tíì mọra. Bàtà rẹ bọ́, fìlà mi ṣí. Aláwàdà kọrin pé ṣòkòtò òun ya, ìwọ tẹ́wọ́: 'Àmín!' Gbogbo èèyàn fẹ̀rín gbàgbé ìbọn."

"Ta ló wá yíjú wò mí? Àmín ṣòkòtò yẹn ló fún mi lọ́kọ."

"Ó dáa, ṣe àmín rẹ, jàre. Màá bá ọ gbè é."

Ohun tó sọnù: bàtà kan, fìlà kan, àti ibùdókọ̀ tèmi tí mo fẹ̀rín kọjá.