Ògiri Alaaji Lásísì

Ẹ̀yin èèyàn mi, tọkùnrin tobìnrin, ọ̀rọ̀ àmánà ni mo gbé wá lónìí. A mọ̀ pé ẹni tó jẹ owó àmánà ti dẹ́ṣẹ̀. Ẹni tó tú àṣírí ńkọ́?

Alaaji Lásísì ló ń tọ́jú owó mọ́sáláṣí àdúgbò kan n'Ísẹ́yìn. Kò jẹ kọ́bọ̀ níbẹ̀. Àmọ́ nígbà tó kun ilé rẹ̀ ní ọ̀dà funfun, àwọn kan bẹ̀rẹ̀ sí í ṣẹ́jú síra wọn. Ó dùn ún dé egungun. Ó ní òun á tú àpò òun fáyé wò.

Bí wọ́n ṣe kírun Jímọ́ọ̀ tán, ó mú èédú, ó dúró níwájú ògiri funfun náà, ó ń kọ ohun tó wọlé fún un àti ohun tó ná, ó sì ń kà á sókè. Èrò pé, wọ́n ń yìn ín. Ẹnì kan ní kó má gbàgbé owó gààrí ìyàwó kékeré, ó sì kọ ọ́. Nígbà tó di Jímọ́ọ̀ kejì, elégúgúrú ti wá pàtẹ síbẹ̀. Ẹ ò rí i bí ìyìn ṣe máa ń dùn?

Ní Jímọ́ọ̀ kẹta, ó kan sàráà. Ó kọ ọ́ gàdàgbà: Mọ́ríámọ̀, opó Kàsúmù, owó oúnjẹ, oṣooṣù. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ ni Kàsúmù kó tó kú. Ó ti tó ọdún mẹ́rin tó ti ń fún obìnrin náà lówó, àwọn ìyàwó rẹ̀ pàápàá kò mọ̀. Àtẹ́wọ́ ọjọ́ náà ló pọ̀ jù.

Aṣọ ni Mọ́ríámọ̀ ń rán. Gbogbo àdúgbò rò pé iṣẹ́ náà ló ń bọ́ ọ. Lọ́jọ́ kejì, nídìí ẹ̀rọ omi, obìnrin kan ní kó ní sùúrù, ẹni tí wọ́n ń bọ́ kì í kánjú. Mọ́ríámọ̀ fi garawa rẹ̀ sílẹ̀. Ó lọ sílé Lásísì, ó tú etí aṣọ tó fi di owó, ó gbé owó oṣù náà kalẹ̀.

"Ẹ̀gbọ́n, owó yín, tiyín ni, ẹ lè gbé e síta. Ebi mi, tèmi ni."

Lásísì jáde lọ sídìí ògiri náà. Ó bu omi, ó mú kànìnkànìn. Nílé kéwú, bí a bá ti fọ wàláà, tàdáwà tí a fi kọ ọ́ á ṣàn lọ, bíi pé ẹnikẹ́ni ò kọ nǹkan kan síbẹ̀ rí. Ògiri náà mọ́. Ṣùgbọ́n ta ni yóò fọ ojú tó ti kà á?

Ó fi abọ́ ìrẹsì ránṣẹ́ sí Mọ́ríámọ̀. Abọ́ náà padà wá, wọn ò ṣí ìdérí rẹ̀. Kí ààwẹ̀ tó wọlé, Mọ́ríámọ̀ ti tilẹ̀kùn, ó ti lọ bá àwọn ẹbí rẹ̀ ní Ṣakí. Láti ìgbà náà, kò sẹ́ni tó fura sí Lásísì mọ́. Wọ́n gbà pé olóòótọ́ ni. Àmọ́ bó bá ń kọjá níwájú ilẹ̀kùn títì yẹn, ilẹ̀ ló máa ń wò.

Ọlọ́run tó ń bo àṣírí wa lójoojúmọ́, fi ọ̀nà hàn wá. Má ṣe jẹ́ ká fi àṣírí ẹlòmíràn fọ ara wa mọ́. Àmín.