Káńfọ̀ Inú Àpótí Aṣọ Ọmọ

Ẹ̀yin ará, ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ kúnlẹ̀ kí n tó sọ̀rọ̀. Olúwa, o ṣeun. Kì í ṣe pé mo yẹ lẹ́ni tí ń jẹ́rìí, àánú rẹ ló gbé mi dé iwájú yìí.

Ẹ mọ Bọ́sẹ̀, ìyàwó ọmọ mi, tó gbé ọmọ jókòó lọ́hùn-ún. Ní ọdún méjì sẹ́yìn, ó bí àkọ́bí rẹ̀, ọkùnrin. Èmi ni mo kó ẹrù láti Ìrókò lọ sí Alakia láti wẹ ọmọ. Ní ọjọ́ kẹta, ojú ọmọ di yẹ́lò. Mo ní ibà pọ́njú lásán ni, ká máa gbé e sóòrùn àárọ̀, ká máa fún un ní omi gúlúkóòsì. Ìgbà tá a fi máa dé ọsibítù, ẹ̀pa ò bóró mọ́. Ọjọ́ kẹfà ló lọ. A ò tíì sọ ọ́ lórúkọ.

Lọ́dún yìí, Ọlọ́run tún ta wọ́n lọ́rẹ, ọkùnrin náà ni. Mo tún lọ, mo tún ṣí àpótí aṣọ ọmọ tá a lò fún àkọ́bí. Ní ọjọ́ kẹta, ojú rẹ̀ náà di yẹ́lò. Bọ́sẹ̀ ò tiẹ̀ gbọ́ tèmi lórí oòrùn, ó gbé ọmọ, ó di ọsibítù. Mò ń sáré tẹ̀lé e, mò ń bẹ Olúwa pé kó má jẹ̀ẹ́ kí n sin méjì.

Nọ́ọ̀sì gbé ọmọ mọ́ra, ó gbóòórùn aṣọ, ó béèrè ẹni tó fi káńfọ̀ sí i. Mo ní èmi ni. Bí ìyá mi ṣe kọ́ mi nìyẹn, kí aáyán má bàa jẹ aṣọ ọmọ.

Dókítà, ọ̀dọ́bìnrin kan, ló là á yé mi. Wọ́n ní ẹ̀jẹ̀ ní omi tirẹ̀, omi yẹn ló ń gbé oúnjẹ kiri ara, tó sì ń kó ìdọ̀tí kúrò. Inú rẹ̀ ni àwọn hóró pupa wà. Awọ fẹ́lẹ́ kan yí hóró kọ̀ọ̀kan ká bí èèpo ẹ̀wà, òun ló ń ṣọ́ ohun tó ń wọlé àtèyí tó ń jáde. Wọ́n ní bí wọ́n ṣe bí àwọn ọmọ kan, awọ yẹn ò lè fara da òórùn káńfọ̀ tó bá ti ara aṣọ wọ ara ọmọ. Ó máa bẹ́, ohun tó wà nínú rẹ̀ á dà sínú omi ẹ̀jẹ̀, á di yẹ́lò, ó sì lè gun ọpọlọ.

Mo bi wọ́n nípa àkọ́bí tó kú, bóyá káńfọ̀ ló pa òun náà. Wọ́n ní àwọn ò lè sọ dájú. Èmi mọ̀. Àpótí kan náà ni.

Wọ́n gbé ọmọ sábẹ́ iná búlúù, wọ́n ń fa ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ díẹ̀díẹ̀, wọ́n ń fi ti ẹlòmíì rọ́pò. Ẹ̀yin náà ń gbàdúrà níbí. Ní ọjọ́ karùn-ún, ojú rẹ̀ funfun.

Nígbà náà ni mo kúnlẹ̀ fún ọmọ tí mo lè bí. Mo ní, “Bọ́sẹ̀, ọwọ́ mi ló pa àkọ́bí rẹ.” Ó sunkún. Kò bá mi sọ̀rọ̀ fún ọjọ́ méjì, mi ò sì bá a wí. Ní ọjọ́ kẹta, ọmọ mu ọmú tán, Bọ́sẹ̀ nà án sí mi.

“Màámi, ẹ gbà á, kó lè gùfẹ̀.”

Ògo ni fún Ọlọ́run tó dá èkejì sí. Ẹ̀yin ìyá, ẹ kó káńfọ̀ kúrò nínú aṣọ ọmọ. Inú mi dùn, ṣùgbọ́n ẹsẹ̀ mi wúwo lónìí, mi ò lè jó. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi jó o.