Ìrẹsì Orí Iná Kì í Ṣe Tèmi

Ẹ̀yin ọmọ mi inú ẹgbẹ́ olólùfẹ́ eré tẹlifíṣọ̀n àtijọ́ wa orí Wasáàpù, èmi Adétóun tí ẹ ń pè ní Mọ́mì Ìrẹsì ni mo kọ èyí. Ẹ má tíì rẹ́rìn-ín. Mo ti di ẹni ọdún mẹ́tàléláàádọ́rin, dókítà sì ní ọkàn mi kò lágbára mọ́. N kò fẹ́ gbé irọ́ yìí wọ sàréè.

Ẹ mọ eré Ilé Alájà Mẹ́ta, ẹ sì mọ Ṣọ́ọ̀bù Sísí Onídìrí tí wọ́n fà yọ lára rẹ̀ lọ́dún 1985. Nínú eré kejì yìí ni oníbàárà kan wà tí kì í dúró kí wọ́n dirun rẹ̀ tán. Wọ́n á di ìdajì, á fò dìde: “Ìrẹsì mi ń bẹ lórí iná.” Á sì gbé orí aláàbọ̀ sáré jáde. Ọ̀rọ̀ yẹn ló sọ mí di èèyàn. Títí dòní, bí mo bá wọ ọjà Bódìjà, àwọn aláta á ní, “Mọ́mì, ìrẹsì ti ń jóná o.” Inú mi a sì máa dùn. Ẹ wo ojú olè.

Lateefat ọ̀rẹ́ mi ló kọ́kọ́ ṣe oníbàárà yẹn, fún ọ̀sẹ̀ mẹ́rin. Ọ̀rọ̀ ìrẹsì kò sí nínú ìwé eré. Òun ló ṣàdédé sọ ọ́, tí ẹni tó gbé kámẹ́rà fi bú sẹ́rìn-ín. Nígbà tí ibi iṣẹ́ gbé ọkọ rẹ̀ lọ sí Jọ́ọ̀sì, òun fúnra rẹ̀ ló fà mí lọ́wọ́ lọ bá ọ̀gá wa tó ń darí eré náà: “Ẹ gba ọ̀rẹ́ mi yìí, sà. Ó máa ṣe é dáadáa.” Ó jókòó tì mí ní yàrá mi ní Agbowó, ó kọ́ mi bí mo ṣe máa di orí mú kí n tó sáré. Téèpù ṣọ̀wọ́n nígbà náà, wọ́n sì gba ìròyìn lé orí eré ọ̀sẹ̀ mẹ́rin àkọ́kọ́ wọ̀nyẹn. Nínú èyí tó ṣẹ́ kù tí ẹ ń wò lórí fóònù, èmi nìkan lẹ máa rí.

Lọ́dún tó kọjá, Ọmọ́bọ́láńlé, ọmọ Lateefat, wọ ẹgbẹ́ wa, ó kọ ọ́ pé: “Ẹ jọ̀ọ́, Lateefat ni mọ́mì mi ń jẹ́. Wọ́n ní àwọn ni àwọn kọ́kọ́ sọ ọ̀rọ̀ ìrẹsì yẹn.” Ẹ mọ òfin wa: láìsí fọ́tò tàbí ẹlẹ́rìí tó wà níbẹ̀, a kì í kọ nǹkan kan sójú ìwé ìtàn eré tí ẹgbẹ́ wa ń tọ́jú lórí íńtánẹ́ẹ̀tì. Ahmed alága wa tú ìwé ìròyìn àtijọ́ fún ọjọ́ mẹ́ta, kò rí nǹkan kan. Ọ̀gá wa ti kú, ẹni tó ṣe Sísí Onídìrí àti ẹni tó gbé kámẹ́rà náà ti kú. Ahmed wá ní, “Mọ́mì, ẹ̀yin nìkan lẹ kù. Ohun tẹ́ ẹ bá sọ la máa kọ.” Fọ́tò Lateefat pẹ̀lú orí aláàbọ̀ wà nínú àpótí mi. Mo yọ ọ́, mo wò ó, mo dá a padà. Mo kọ ọ́ pé, “N kò rántí ẹnì kankan tó ń jẹ́ bẹ́ẹ̀.” Lójú ẹsẹ̀ ni Ahmed kọ ọ́ sójú ìwé wa: Kì í ṣe òótọ́.

Ì bá mọ níbẹ̀. Lẹ́yìn oṣù méjì, Ọmọ́bọ́láńlé pè mí. Ó ń sunkún. “Ẹ má bínú sí wa, mà. Ó dà bíi pé ọpọlọ mọ́mì ti ń daṣẹ́ sílẹ̀. Wọn ò yé sọ̀rọ̀ ìrẹsì yẹn. A ti gbé wọn lọ rí dókítà.” Àyè ṣí sílẹ̀ fún mi níbẹ̀ láti sọ òótọ́. Ẹ gbọ́ ohun tí èmi àgbàyà sọ: “Má sunkún mọ́. Bí wọ́n bá tún dá a sílẹ̀, ẹ máa fọgbọ́n yí ọ̀rọ̀ padà.” Mo wá gbàdúrà fún un lórí fóònù, ọmọ náà ń ṣe àmín. Mo ń bẹ Ọlọ́run kó wo ọpọlọ tí mo mọ̀ pé ó pé sàn. Nínú gbogbo ohun tí mo ṣe, àdúrà yẹn ló burú jù.

Ní Sátidé tó kọjá, ara mi kò gbà á mọ́, mo wọkọ̀ lọ sí Baṣọ̀run, níbi tí Ọmọ́bọ́láńlé ti sọ fún mi pé wọ́n ń gbé láti ìgbà tí wọ́n ti Jọ́ọ̀sì dé. Lateefat jókòó sẹ́nu ọ̀nà, ó ń ṣa ẹ̀wà. Ó dá mi mọ̀ kí n tó wọ géètì. “Adétóun. O ti sanra.” Mo bú sẹ́kún. Ó fà mí jókòó, ó wò yíká bóyá ọmọ rẹ̀ wà nítòsí, ó wá rẹ ohùn sílẹ̀: “Mo fẹ́ bi ọ́ ní nǹkan kan, má purọ́ fún mi. Ọ̀rọ̀ ìrẹsì yẹn, ṣé èmi ni mo sọ ọ́, àbí mo lá a lálàá ni?”

Mo ní, “Ìwọ ni, Lateefat. Èmi ni mo purọ́.” Kò bínú. Ká ní ó bínú ni, ì bá sàn fún mi. Ó mí kanlẹ̀, ó ní, “Alhamdulillahi. Orí mi pé.” Ó wá ti àwo ẹ̀wà sí àárín wa, àwa méjèèjì sì jọ ń ṣà á.

Fọ́tò náà nìyí, mo fi í ránṣẹ́ pẹ̀lú ọ̀rọ̀ yìí. Ahmed, jọ̀ọ́, pa ohun tó o kọ rẹ́. Ọmọ́bọ́láńlé, ọmọ mi, dárí jì mí. Ẹ̀yin tí ẹ ṣì kéré, bí ẹ bá ń wá òótọ́ lẹ́nu àgbà, ẹ kọ́kọ́ wo ohun tó máa bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ tó bá sọ ọ́. Ewú kì í ṣe ẹ̀rí. Ẹ má sì kí mi ní Bódìjà mọ́ pé ìrẹsì ti ń jóná. Ẹ gba ọ̀nà Baṣọ̀run lọ, ẹ kí Lateefat bẹ́ẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀, kí ẹ sì kí i sókè, kí àwọn ọmọ rẹ̀ gbọ́.